Ẹ̀jẹ̀ Wa Kì í Ṣe Omi Odò Ògùn

Ẹ̀yin ará Akute, ẹ̀yin ará Ajuwọn, Alagbole àti Lambe, ẹ̀yin tí ẹ ń jí ní agogo mẹ́rin ìdájí kí ẹ lè dé Berger kí sún-kẹrẹ-fà-kẹrẹ tó bẹ̀rẹ̀, ẹ gbọ́ mi o.

Kí n tó sọ ohun tó wà lọ́kàn mi, ẹ jẹ́ kí n bi yín léèrè ọ̀rọ̀ kan. Odò Ògùn tó ń ṣàn kọjá lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa yìí, ta ló ń mu ún? Gbogbo wa la mọ ibi tí àwọn ẹ̀rọ ńláńlá yẹn wà létí odò. Ìjọba Èkó ló ni wọ́n. Láti Akute níbí ni wọ́n ti ń fa omi lọ sí Ìjú àti Àdíyàn, tí wọ́n ń sẹ́ ẹ níbẹ̀ kó mọ́, tí wọ́n sì ń fi páìpù gbé e wọ Èkó. Lọ́dún 2010, wọ́n tiẹ̀ ṣí ilé iṣẹ́ amúnáwá kan fún un, kí iná má baà máa kú mọ́ àwọn ẹ̀rọ náà lọ́wọ́. Ó dáa. A kò bá ará Èkó jà, ọmọ ìyá wa ni wọ́n, púpọ̀ nínú wa ló sì jẹ́ pé Èkó la ti ń jẹun. Ṣùgbọ́n ìwọ tí odò ń ṣàn lẹ́yìnkùlé rẹ ńkọ́? Kẹ́ẹ̀gì ló wà lórí ọmọ rẹ. Ẹni tó gbẹ́ bọ́họ́ọ̀lù ló ń ta omi fún ọ. Wọ́n fa omi lọ́dọ̀ rẹ tán, wọ́n ní kó o lọ wá omi.

Ọ̀rọ̀ omi kọ́ ni mo bá wá lónìí. Ọ̀rọ̀ ẹ̀jẹ̀ ni. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ méjèèjì, ọmọ ìyá ni wọ́n, ẹ ó sì rí i kí n tó parí.

ÀBÚRÒ MI TÍ WỌ́N PÈ NÍ ÀBÍKÚ

Èmi tí mo ń kọ ọ̀rọ̀ yìí, mo ní àbúrò kan rí. Lóru, nígbà tí gbogbo ilé bá ti sùn, ọmọ yìí á bú sẹ́kún: apá ń dun òun, ẹsẹ̀ ń dun òun, ẹ̀yìn ń dun òun, àfi bí ẹni pé wọ́n ń fi òòlù fọ́ egungun rẹ̀. Ẹyinjú rẹ̀ á pọ́n bí èso ìyeyè. Tó bá di ọjọ́ kẹta, ẹ ó rí i tó ń bá àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ gbá bọ́ọ̀lù bí ẹni pé nǹkan kan kò ṣe é rí. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi sọ àrùn náà ní fòníkú-fọ̀ladìde. Ìyá wa àgbà ní àbíkú ni. Wọ́n sín gbẹ́rẹ́ fún un, wọ́n so ṣaworo mọ́ ọn lẹ́sẹ̀, wọ́n sè fún ẹgbẹ́ ọ̀run. Kò pé ọmọ ọdún mẹ́sàn-án tó fi lọ.

Ó tó ogún ọdún lẹ́yìn ìgbà náà kí n tó lọ ṣe àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ torí pé mo fẹ́ gbéyàwó. Wọ́n ní AS ni mí. Ọjọ́ náà ni mo tó mọ ohun tó pa àbúrò mi. Kì í ṣe ẹgbẹ́ ọ̀run. Ohun tí bàbá wa fún un ni, àti ohun tí ìyá wa fún un, àwọn méjèèjì kò sì mọ̀ pé àwọn ń fún un ní nǹkan. Ìyá mi ti kú kí n tó rí àyè sọ fún un. Ó gbé e dé sàréè pé ọmọ òun ló mọ̀ọ́mọ̀ dá òun lóró.

Mi ò sọ pé gbogbo ọmọ tí wọ́n pè ní àbíkú láyé àtijọ́ ló ní àrùn yìí. Ibà pa nínú wọn, ìgbóná pa nínú wọn, ìgbẹ́ gbuuru pa nínú wọn. Ṣùgbọ́n ẹ wo àwọn orúkọ tí a jogún: Málọmọ́, Dúrósinmi, Bánjókòó, Kòsọ́kọ́. Àwọn tó sọ ọmọ wọn báyìí kì í ṣe òpè. Wọ́n rí i pé ikú ń padà sí ilé kan náà léraléra, tí kì í yà sí ilé kejì. Wọ́n rí i pé nǹkan kan wà nínú ìdílé. Ohun tí wọn kò ní ni ẹ̀rọ tí wọn yóò fi wò ó. Àwa tí a wá ní in lónìí ńkọ́? Kí la fi ń ṣe?

KÍ NI ÌMỌ̀ ÀBÙDÁ YÌÍ?

Ẹ jẹ́ ká là á kó yé wa, nítorí ohun tí kò bá yé èèyàn ni wọ́n fi ń rẹ́ ẹ jẹ. Ńṣe ló dà bíi pé ìwé kan wà nínú ara ẹnì kọ̀ọ̀kan wa, tí a kò lè fi ojú lásán rí, tó ń sọ fún ara bí yóò ṣe ṣe ẹ̀jẹ̀, bí yóò ṣe ṣe egungun, bí imú yóò ṣe rí. Ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan nínú ìwé náà ni àwọn onímọ̀ ń pè ní jíìnì. Àwa ń pè é ní àbùdá. Ẹ̀dà méjì la máa ń gbà, ọ̀kan lọ́dọ̀ bàbá, ọ̀kan lọ́dọ̀ ìyá. Nínú ọ̀rọ̀ tó kan ohun pupa inú ẹ̀jẹ̀, lẹ́tà kan ṣoṣo ló yí padà lára àwọn kan nínú wa.

Ẹni tí ẹ̀dà rẹ̀ méjèèjì bá wà bó ṣe yẹ ni AA. Ẹni tí ọ̀kan bá yí padà ni AS, ara rẹ̀ le, ó ń ṣiṣẹ́ rẹ̀. Àní, láti ọdún 1954 ni onímọ̀ kan tó ń jẹ́ Allison, tó ṣe ìwádìí ní Ìlà-Oòrùn Áfíríkà, ti fi hàn pé AS ń dáàbò bo ọmọdé lọ́wọ́ ibà ẹ̀fọn. Ìdí nìyẹn tó fi pọ̀ níbi tí ẹ̀fọn pọ̀ sí. Kì í ṣe èpè, kì í sì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ ìdílé. Asà tí ara àwọn baba ńlá wa fi dènà ibà ni. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá gba ẹ̀dà tó yí padà lápá méjèèjì, SS nìyẹn. Sẹ́ẹ̀lì ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ á máa tẹ̀ bíi dòjé, á máa dí ojú iṣan bí ìdọ̀tí ṣe ń dí gọ́tà, ibi tó bá sì ti dí ni ìrora ti ń bẹ̀rẹ̀.

Bí AS bá fẹ́ AS, oyún kọ̀ọ̀kan ní ààyè ìdá kan nínú mẹ́rin láti jẹ́ SS. Ẹ má ṣì í gbọ́ o. Kò túmọ̀ sí pé bí ẹ bá bí mẹ́rin, ọ̀kan péré ni yóò ṣàìsàn. Oyún kọ̀ọ̀kan ló ń ta tẹ́tẹ́ tirẹ̀. Ilé kan lè bí mẹ́ta kí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta jẹ́ SS. Ilé kejì lè bí márùn-ún kí gbogbo wọn là á já.

Àjọ Ìlera Àgbáyé sọ lọ́dún 2006 pé nínú 100 ọmọ Nàìjíríà, 24 ló ń gbé ẹ̀dà tó yí padà yìí kiri, àti pé nǹkan bí 150,000 ọmọ là ń bí pẹ̀lú àrùn náà lọ́dọọdún ní orílẹ̀-èdè yìí. Ẹ ka èèyàn mẹ́rin nínú dáńfó tí ẹ bá wọ̀ lọ́la, ó ṣeé ṣe kí ọ̀kan nínú wọn máa gbé e kiri láìmọ̀. Ọ̀rọ̀ tó bá kan èèyàn tó báyìí, ọ̀rọ̀ ìjọba ni. Ṣùgbọ́n ẹ dákun, ìgbà wo lẹ gbọ́ ọ lẹ́nu olóṣèlú tó wá pín ìrẹsì fún wa ní Akute?

Ẹ̀JẸ̀ LỌ, OÒGÙN KÒ DÉ

Ní ọdún 2002, àwọn onímọ̀ láti orílẹ̀-èdè mélòó kan dáwọ́ lé iṣẹ́ ńlá kan tí wọ́n pè ní HapMap, láti mọ bí àbùdá ọmọ aráyé ṣe jọra àti ibi tó ti yàtọ̀. Ibi mẹ́rin péré ni wọ́n kọ́kọ́ yàn ní gbogbo ayé: àwọn ará Japan ní Tokyo, àwọn ará Ṣáínà ní Beijing, àwọn aláwọ̀ funfun ní Utah ní Amẹ́ríkà, àti Yorùbá ní Ìbàdàn. Láti Ìbàdàn tiwa, èèyàn 90 ló fi ẹ̀jẹ̀ sílẹ̀, ìdílé 30, bàbá, ìyá àti ọmọ. Ẹ̀jẹ̀ náà rìnrìn àjò dé Camden ní New Jersey, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń pín in fún àwọn onímọ̀ kárí ayé. Ọdún 2005 ni wọ́n tẹ àbájáde àkọ́kọ́ jáde. Nígbà tó sì di ọdún 2008, ọkùnrin Yorùbá kan nínú wọn wà lára àwọn èèyàn àkọ́kọ́ lágbàáyé tí wọ́n ka gbogbo ìwé àbùdá wọn láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

Ká má purọ́ mọ́ ẹnikẹ́ni: wọn kò jí ẹ̀jẹ̀ náà. Wọ́n ṣàlàyé fún àwọn èèyàn, wọ́n sì gba àṣẹ lọ́wọ́ wọn. Mi ò sì sọ pé inú ẹ̀jẹ̀ yẹn ni wọ́n ti yọ oògùn kankan. Ohun tí mo ń sọ ni pé nígbà tí ayé ń kọ́ ìmọ̀ yìí, a wà níbẹ̀. A fi ẹ̀jẹ̀ dá owó àjọ. Nígbà tó wá kan kíkó àjọ, a ò rí orúkọ wa.

Ẹ gbọ́ èyí tó tún dùn mí jù. Àlùfáà kan, ọmọ Yorùbá, P. O. Ogunyale, ní àgbo ìdílé kan tí wọ́n fi ń tọ́jú fòníkú-fọ̀ladìde. Ohun tó wà nínú rẹ̀ kò ṣàjèjì sí ìyá yín: iyèré, kànáfùrù, igi osùn àti ewé ọkà bàbà. Ilé ìwádìí oògùn ti ìjọba àpapọ̀ ní Abuja gbà á lọ́wọ́ rẹ̀, wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò, wọ́n rí i pé ó ń dín ìrora kù, wọ́n sọ ọ́ di oògùn tí wọ́n pè ní Niprisan. Iṣẹ́ tó yẹ ká fi yangàn nìyẹn. Kí ni ìjọba ṣe sí i? Wọ́n gbé àṣẹ rẹ̀ fún ilé iṣẹ́ kan ní Amẹ́ríkà, Xechem, ní ọdún 2002. Ní 2006 ó jáde sọ́jà pẹ̀lú orúkọ tuntun, Nicosan. Ní 2008, Xechem wọ gbèsè, ó dẹnu kọlẹ̀, oògùn náà sì di àwátì mọ́ àwọn tó ti ń lò ó lọ́wọ́. Iyèré tiwa, osùn tiwa, ọmọ tiwa tó ń jẹ̀rora. Ṣebí bí omi Akute ṣe ń lọ náà nìyẹn?

OÒGÙN DÉ, TÁLÁKÀ Ò LÈ RÀ Á

Ní ọjọ́ 16 oṣù kọkànlá ọdún 2023, ìjọba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fọwọ́ sí ìtọ́jú kan tó ń jẹ́ Casgevy. Ní ọjọ́ 8 oṣù kejìlá ọdún kan náà, Amẹ́ríkà fọwọ́ sí i. Ọgbọ́n tí wọ́n fi ṣe é ni wọ́n ń pè ní CRISPR, àwọn obìnrin méjì, Charpentier àti Doudna, sì gba ẹ̀bùn Nobel lórí rẹ̀ ní 2020. Ẹ fojú wo àlùmọ́gàjí kan tó kéré débi pé ó lè wọ inú ìwé àbùdá lọ gé ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo. Wọ́n á fa sẹ́ẹ̀lì ìpìlẹ̀ ẹ̀jẹ̀ lára aláìsàn, wọ́n á fi àlùmọ́gàjí yìí gé ibi tó ń dá irú ẹ̀jẹ̀ tí ọmọ ń lò nínú oyún dúró, wọ́n á wá dá sẹ́ẹ̀lì náà padà sí i lára. Ara á tún bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe ẹ̀jẹ̀ ọmọ inú oyún, irú ẹ̀jẹ̀ yẹn kì í sì í tẹ̀. Kì í ṣe eré o. Wọ́n ní láti fi oògùn líle pa mùdùnmúdùn egungun àtijọ́ ná, aláìsàn á sì wà ní ọsibítù fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan. Ṣùgbọ́n ó ń ṣiṣẹ́. Victoria Gray, obìnrin ará Mississippi, ni wọ́n kọ́kọ́ ṣe é fún ní Amẹ́ríkà, lọ́dún 2019. Jimi Olaghere, ọmọ Nàìjíríà tó ń gbé níbẹ̀, wà lára àwọn tó tẹ̀ lé e, ó sì ti fẹnu ara rẹ̀ sọ fáyé gbọ́ pé ìrora náà fi òun sílẹ̀.

Ó yẹ ká jó. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ iye rẹ̀ ná: mílíọ̀nù 2.2 owó dọ́là fún ẹnì kan. Ní owó wa, ó tó nǹkan bíi bílíọ̀nù mẹ́ta náírà. Owó oṣù tó kéré jù tí òfin ọdún 2024 là sílẹ̀ jẹ́ 70,000 náírà. Ẹni tó ń gba iye yẹn, bí kò bá jẹ, tí kò mu, tí kò sanwó ilé, tí kò wọkọ̀, yóò ṣiṣẹ́ fún nǹkan bí 3,500 ọdún kó tó lè ra ìlera ọmọ rẹ̀ kan.

Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2025, ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì gbà pé ọsibítù ìjọba wọn lè máa fi ìtọ́jú yìí fún àwọn aláìsàn tó bá tọ́ sí, láìgba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ wọn. Nítorí náà ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí ní Peckham lè rí i gbà. Ọmọ àbúrò bàbá rẹ̀ tí wọ́n bí ní Akute kò lè rí i. Kí ló yàtọ̀ nínú ẹ̀jẹ̀ àwọn méjèèjì? Kò sí. Ìjọba wọn ló yàtọ̀.

ÌWÉ ÀYẸ̀WÒ LẸ́NU Ọ̀NÀ ṢỌ́Ọ̀ṢÌ

Níbí ńkọ́? Níbí, gbogbo ìmọ̀ ńlá yìí, nǹkan kan ṣoṣo ni wọ́n sọ ọ́ dà fún mẹ̀kúnnù: ìwé tí wọ́n ń béèrè kí wọ́n tó so yín pọ̀. Pásítọ̀ ní kí ẹ mú jẹ́nótáìpù wá. Ìmáàmù náà ń béèrè. Mi ò bá wọn wí. Bí kì í bá ṣe tiwọn, ọ̀pọ̀ wa kì bá tí mọ̀ rárá. Iṣẹ́ tí ìjọba sá fún ni wọ́n ń ṣe. Ṣùgbọ́n ta ló ń ṣe àyẹ̀wò náà? Ta ló ń yẹ ọwọ́ ẹni tó ń ṣe é wò?

Tọkọtaya kan wà tí mo mọ̀. Ilé àyẹ̀wò kan, tí mi ò ní dárúkọ, sọ fún ọkọ pé AA ni. Ìyàwó jẹ́ AS. Ọkàn wọn balẹ̀, wọ́n ṣe ìgbéyàwó. Ọmọ wọn àkọ́kọ́ kò tíì pé ọdún kan tí ọwọ́ àti ẹsẹ̀ rẹ̀ ti ń wú. Wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò, SS ni. Ẹ mọ ohun tí àwọn ẹbí ọkọ sọ? Wọ́n ní AA àti AS kò lè bí SS, òótọ́ sì ni. Wọ́n ní nítorí náà ìyàwó gbé oyún wọlé láti ìta ni. Oṣù mẹ́ta gbáko ni wọ́n fi lé ọmọbìnrin yẹn jáde nílé. Ẹnì kan ló gba ọkọ níyànjú pé kó lọ tún tirẹ̀ ṣe níbòmíràn. Ibẹ̀ ni wọ́n ti rí i pé AS ni òun náà. Lẹ́tà kan ṣoṣo tí wọ́n kọ kù lórí ìwé. Ta ló san gbèsè omijé obìnrin yẹn? Kò sẹ́ni tó tilẹ̀ bẹ̀ ẹ́.

Ní ọdún 2024, ìjọba Kano ṣòfin pé ẹni tó bá fẹ́ gbéyàwó gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ ṣe àyẹ̀wò yìí àti ti àwọn àrùn mìíràn. Mo ń gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn èèyàn wa náà pé kí a fi òfin dè é níbí, kí AS má fẹ́ AS mọ́. Mo mọ ohun tó ń bí wọn nínú. Èmi náà sin àbúrò. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká ṣọ́ra. Ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1970, àwọn ìpínlẹ̀ kan ní Amẹ́ríkà fi òfin mú àwọn aláwọ̀ dúdú láti ṣe àyẹ̀wò yìí. Kí ló tẹ̀yìn rẹ̀ yọ? Wọ́n lé ẹni tí ara rẹ̀ le lẹ́nu iṣẹ́ torí pé ó jẹ́ AS. Àwọn ilé iṣẹ́ adójútòfò bu owó lé wọn. Ìjọba àpapọ̀ wọn fúnra rẹ̀ ló wá sọ lọ́dún 1972 pé ẹni tó bá wù ú ni kó ṣe é.

Ohun tí mo gbà gbọ́ rèé. Kí gbogbo èèyàn mọ ohun tó wà nínú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀, kó mọ̀ ọ́n ní kékeré, kó tó rí ẹni tí yóò fẹ́. Kí a jókòó tì í, kí a ṣàlàyé fún un. Lẹ́yìn ìyẹn, òun ló ni ayé rẹ̀. Ìjọba tí kò kọ́ ọsibítù, tí kò ra oògùn, tí kò yẹ ilé àyẹ̀wò wò, irú ìjọba bẹ́ẹ̀ kò ní ẹnu tí yóò fi sọ fún ọmọ èèyàn pé má fẹ́ ẹni tí o fẹ́. Ẹ sì rántí àwọn SS tó wà láàyè láàárín wa, tí wọ́n ti dàgbà, tí wọ́n kàwé, tí wọ́n ń ta ọjà, tí wọ́n ń bímọ. Nígbà tí a bá ń sọ̀rọ̀ bíi pé kò yẹ kí a bí irú wọn, etí wọn kò di.

BÍ ÀRÙN BÁ DI TI TÁLÁKÀ NÌKAN

Ibi tí ọ̀rọ̀ yìí ń lọ gan-an ló ń bà mí lẹ́rù. Olówó ti ní ọ̀nà tirẹ̀. Ó lè lọ sí ilé ìwòsàn tí wọ́n ti ń po ọmọ pọ̀ nínú ìgò, kí wọ́n yẹ àbùdá ọlẹ̀ wò, kí wọ́n mú èyí tí kì í ṣe SS gbé sínú ìyàwó rẹ̀. Ọ̀pọ̀ mílíọ̀nù náírà ni, kì í ṣe owó òǹtajà Akute. Ní 2018, ará Ṣáínà kan, He Jiankui, tiẹ̀ kéde pé òun ti yí àbùdá àwọn ìbejì kan padà kí wọ́n tó bí wọn. Gbogbo ayé pariwo lé e lórí, ìjọba wọn sì jù ú sẹ́wọ̀n ọdún mẹ́ta ní 2019. Ṣùgbọ́n ilẹ̀kùn ti ṣí.

Ẹ bá mi rò ó síwájú. Bí ó bá di ọgbọ̀n ọdún sí i, tí àwọn ọlọ́lá ti fi owó fọ fòníkú-fọ̀ladìde kúrò nínú ìdílé wọn, ta ni yóò kù nínú rẹ̀? Àwa ni. Ẹ̀yin náà sì mọ bí ìlú yìí ṣe ń ṣe. Nígbà tí ọmọ olówó kúrò ní ilé ìwé ìjọba, òrùlé ilé ìwé ìjọba jó. Nígbà tí olówó ra jẹnẹrétọ̀, ta ló tún bìkítà bí iná bá ń kú? Nígbà tí ó gbẹ́ bọ́họ́ọ̀lù, ta ló tún ń wá omi ẹ̀rọ? Àrùn tó bá ti di ti tálákà nìkan, kò sí ìjọba tí yóò tún rántí rẹ̀. Nítorí náà ìsinsìnyí gan-an ló yẹ ká sọ̀rọ̀, nígbà tí ọmọ mínísítà àti ọmọ ọlọ́kadà ṣì ń sunkún ìrora kan náà lóru.

OWÓ KÒ SÍ?

Wọ́n á ní owó kò sí. Ìrọ́ ni. A kò sọ pé kí wọ́n ra Casgevy fún gbogbo èèyàn lọ́la. Ohun tí kò wọ́n ni wọn kò tíì ṣe. Bí a bá gún gìgísẹ̀ ọmọ ìkókó, tí a gba ẹ̀jẹ̀ ẹ̀kán kan, a ó mọ bóyá ó jẹ́ SS kí ìrora tó bẹ̀rẹ̀. Láti 1986 ni ìwádìí ní Amẹ́ríkà ti fi hàn pé pẹnisílíìnì lójoojúmọ́ lásán ń dáàbò bo irú ọmọ bẹ́ẹ̀ lọ́wọ́ àkóràn tó ń pa wọ́n ní kékeré. Oògùn kan tún wà, hydroxyurea, tó ń dín ìrora kù. Wọ́n dán an wò lára àwọn ọmọdé ní Uganda, Kenya, Angola àti Congo, àbájáde rẹ̀ tó jáde ní 2018 sì dára. Ní Awẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ Ọ̀yọ́ níbí, ilé iṣẹ́ Bond Chemical ti ṣe é. Kì í ṣe ohun tó di dandan ká kọjá òkun lọ rà.

Ṣé ìlú olówó nìkan ló lè ṣe é? Ẹ lọ sí Kútọnu. Lọ́dún 1993 ni Dókítà Rahimy àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í tọ́jú àwọn ọmọ SS níbẹ̀, tí wọ́n ń kọ́ àwọn ìyá bí wọn yóò ṣe máa ṣọ́ ọmọ, tí ara àwọn ọmọ náà sì ń le sí i. Ẹ lọ sí Kumasi ní Ghana, láti 1995 ni wọ́n ti ń yẹ ìkókó wò. Ará Bẹ̀nẹ̀ kò ní epo rọ̀bì tó tiwa. Abuja níbí ni àwọn olórí Áfíríkà ti jókòó lọ́dún 2001, tí wọ́n ṣèlérí pé 15 nínú 100 owó ìnáwó ìjọba yóò máa lọ sí ìlera. Ilé wa ni wọ́n ti búra, àwa onílé ni a kò tíì mú un ṣẹ lọ́dún kan ṣoṣo.

OHUN TÍ Ẹ Ó BI WỌ́N

Nítorí náà, ẹ̀yin èèyàn mi, nígbà tí wọ́n bá dé pẹ̀lú ìrẹsì àti ańkárá, ẹ gbà á, owó yín ni. Ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí wọ́n lọ kí wọ́n tó dáhùn ìbéèrè márùn-ún yìí.

Ìkíní, ṣé ẹ ó jẹ́ kí gbogbo ọmọ tí a bá bí ní ilé ìwòsàn alábọ́dé ní Akute, Ìfọ̀, Mowe àti Ibafo gba àyẹ̀wò gìgísẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́, kí wọ́n tó gbé e délé?

Ìkejì, ṣé ẹ ó fi pẹnisílíìnì, oògùn ibà àti hydroxyurea síbẹ̀ fún àwọn ọmọ SS, kí ìyá má baà gbé ọmọ tó ń jẹ̀rora wọ mọ́tò lọ sí Ìdí-Àràbà láàárín òru?

Ìkẹta, ta ni yóò máa yẹ àwọn ilé àyẹ̀wò wò, kí wọ́n má baà máa fi lẹ́tà kan tú ilé onílé ká?

Ìkẹrin, òfin wo ni yóò bo àṣírí wa, tí pásítọ̀, ọ̀gá ibi iṣẹ́ tàbí ìyá ọkọ kò fi ní máa ka ìwé ẹ̀jẹ̀ wa síta?

Ìkarùn-ún, nígbà míì tí òyìnbó tàbí ọmọ ilẹ̀ wa bá wá gba ẹ̀jẹ̀ wa fún ìwádìí, àdéhùn wo lẹ ó bá wọn kọ pé oògùn tó bá tibẹ̀ jáde yóò dé ọ̀dọ̀ wa ní iye tí ọwọ́ wa tó?

Ẹ má yọ ẹnikẹ́ni sílẹ̀ o. Bí àwọn tiwa nínú ẹgbẹ́ tó ń tẹ ìwé ìròyìn yìí bá dé, ẹ bi àwọn náà. Kódà ẹ kọ́kọ́ bi wọ́n. Ẹni tí kò bá rí èsì fọ̀, ẹ má fi ìka yín tẹ̀ka fún un.

Omi Odò Ògùn ti ń lọ tipẹ́, a dákẹ́, a kàn ń wò ó. Ẹ̀jẹ̀ kò yẹ kó lọ bẹ́ẹ̀. Àbúrò mi ì bá ti di bàbá ọmọ báyìí. Ọmọ tí wọ́n ń bí lọ́wọ́ lálẹ́ òní ní Akute, a kò tíì mọ ohun tó wà nínú ẹ̀jẹ̀ rẹ̀. Ohun tí yóò sọ bóyá yóò dàgbà ni irú ìjọba tí a bá yàn.

Ẹ wà lójúfò. Ẹ lọ gba káàdì ìdìbò yín.